Ewúro, ejìnrìn àti jogbo: èwo ló yẹ fún àìsàn wo?

Ewé mẹ́ta yìí sábà máa ń pàdé nínú ìkòkò àgbo kan, ohun tó sì ń kó wọn pọ̀ ni pé wọ́n korò. Ọ̀pọ̀ ènìyàn gbà pé bí ewé bá ṣe korò tó ni agbára rẹ̀ ṣe pọ̀ tó, pé ohun tó bá ti korò ló ń fọ ẹ̀jẹ̀, tó ń pa ibà, tó sì ń lé ṣúgà kúrò lára. Kò rí bẹ́ẹ̀. Èròjà tó mú ewúro korò kọ́ ló mú ejìnrìn korò, ti jogbo náà sì dá yàtọ̀. Ahọ́n nìkan ló ń pè wọ́n ní orúkọ kan náà. Bí wọ́n bá ti wọ inú, ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni iṣẹ́ wọn. Àìsàn tó wà nílẹ̀ ni kí ẹ fi yàn, lẹ́yìn náà kí ẹ wo ẹ̀yà ewéko tó kàn, kí ẹ sì wo ẹni tó fẹ́ mu ún.

Ohun kan tún wà tí ẹ óò máa bá pàdé bí ẹ ti ń ka èyí lọ. Bí wọ́n bá ní "ìwádìí ti fìdí ewé yìí múlẹ̀", ẹ béèrè ibi tí wọ́n ti ṣe é: ṣé nínú ìgò ni, ṣé lára eku àti ehoro ni, àbí lára ènìyàn? Ohun tó pa kòkòrò nínú ìgò lè má ṣe nǹkan kan nínú ikùn ènìyàn, torí pé ikùn àti ẹ̀dọ̀ máa ń tú èròjà náà palẹ̀ kó tó dé ibi tó ń lọ. Ìwádìí tí wọ́n fi ewé náà wé oògùn mìíràn, tàbí wé oògùn òfìfo tí kò ní nǹkan kan nínú, lára àwọn aláìsàn gidi, ni ká gbára lé jù.

Ewé wo ló wà lọ́wọ́ yín gan-an?

Orúkọ tí wọ́n ń pe ewé lè yàtọ̀ láti ìlú dé ìlú, nítorí náà ẹ mọ ìrísí rẹ̀, kí ẹ sì mọ orúkọ tí àwọn onímọ̀ ewéko fún un.

Ewúro ni Vernonia amygdalina. Àwọn ìwé tuntun ti ń kọ ọ́ ní Gymnanthemum amygdalinum. Igi kékeré ni, ó sábà máa ń ga tó mítà 2 sí 5. Èèpo rẹ̀ rí ṣákaṣàka, ewé rẹ̀ gùn, àárín rẹ̀ fẹ̀, irun wẹ́wẹ́ tí ọwọ́ máa ń mọ̀ lára sì wà lábẹ́ ewé náà. Òdòdó rẹ̀ funfun, ó sì máa ń ṣù jọ sórí ẹ̀ka.

Ejìnrìn, Momordica charantia, kì í dá dúró. Ńṣe ló ń fà, tó ń lọ́ mọ́ ọgbà àti igi kéékèèké. Ewé rẹ̀ pín bí ìka ọwọ́, ó máa ń tó márùn-ún sí méje. Òdòdó rẹ̀ yẹ́lò. Èso rẹ̀ ní kókó-kókó lára. Bó bá pọ́n tán, á là fúnra rẹ̀, ẹran pupa tó bo kóró inú rẹ̀ á sì yọ síta. Ẹran pupa yìí dùn, òun ló ń fa ọmọdé mọ́ ọn. Kóró inú rẹ̀ ni kò yẹ kó dé ẹnu wọn, torí ó máa ń fa èébì àti ìgbẹ́ gbuuru.

Ejìnrìn pín sí méjì lọ́nà tó kan yíyàn yín. Ejìnrìn wẹ́wẹ́ tó ń hù fúnra rẹ̀ ni àwa ń já ewé rẹ̀. Èyí tí wọ́n ń gbìn ní Éṣíà ni èso rẹ̀ gùn tó sì tóbi, wọ́n sì ń jẹ èso náà. Èso ńlá yìí ni wọ́n fi ṣe ọ̀pọ̀ jù lọ ìwádìí tó dá lórí àtọ̀gbẹ lára ènìyàn. Ẹni tó bá ń mu omi ewé ejìnrìn wẹ́wẹ́, tó sì ń tọ́ka sí ìwádìí wọ̀nyẹn, ohun mìíràn ló ń mu.

Jogbo, Andrographis paniculata, láti Íńdíà àti Siri Láńkà ló ti wá. Koríko ọlọ́dún kan ni, kì í sábà ga ju sẹ̀ǹtímítà 110 lọ. Igun mẹ́rin ni igi rẹ̀ ní. Ẹ fi ìka méjì yí i, ẹ óò mọ̀ ọ́n lára. Ewé rẹ̀ tẹ́ẹ́rẹ́, orí rẹ̀ ṣóńṣó, méjì-méjì ni wọ́n sì ń dojú kọ ara wọn. Òdòdó rẹ̀ kéré, ó funfun, ó ní àmì àwọ̀ elésè àlùkò. Bí ẹ bá fi eyín kan bẹ́ ewé rẹ̀ wò, ìkorò náà á dúró lẹ́nu fún ìgbà pípẹ́.

| | Ewúro | Ejìnrìn | Jogbo |
|---|---|---|---|
| Ẹ̀yà tí a ń lò | ewé, igi fún orín | ewé, èso tútù | gbogbo ohun tó wà lókè ilẹ̀, pàápàá ewé |
| Èròjà tó korò | vernodalin, vernolide | momordicin | andrographolide |
| Ibi tí ẹ̀rí lára ènìyàn ti lágbára jù | kò tíì lágbára níbì kankan | ṣúgà inú ẹ̀jẹ̀, díẹ̀ | ọ̀fìnkìn, ọ̀nà ọ̀fun dídùn |
| Ewu tó ṣe pàtàkì jù | kí ènìyàn fi í rọ́pò oògùn ibà | kí ṣúgà já wálẹ̀ jù | kí ara kọ̀ ọ́ |

Fún àtọ̀gbẹ: ejìnrìn ṣáájú, ṣùgbọ́n kò dá dúró

Nínú àwọn mẹ́ta yìí, ejìnrìn ni wọ́n ti yẹ̀ wò jù nípa ṣúgà. Wọ́n rí èròjà mẹ́ta nínú rẹ̀ tó lè fa ṣúgà wálẹ̀: charantin, òmíràn tí wọ́n ń pè ní polypeptide-p, àti vicine tó wà nínú kóró. Lára ẹranko, àbájáde rẹ̀ wuyì. Lára ènìyàn, ó kéré sí ohun tí ariwo rẹ̀ ń sọ.

Ní Thailand, wọ́n tẹ ìwádìí kan jáde ní 2011. Wọ́n pín àwọn tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ní àtọ̀gbẹ sí ọ̀nà mẹ́rin fún ọ̀sẹ̀ mẹ́rin: àwọn kan mu kápúsù ejìnrìn 500 mg lójúmọ́, àwọn kan 1,000 mg, àwọn kan 2,000 mg, àwọn tó kù sì mu metformin, oògùn àtọ̀gbẹ, 1,000 mg. Àwọn tó mu 2,000 mg nìkan ni ṣúgà wọn wálẹ̀ dé ibi tó ṣe é tọ́ka sí láàárín àwọn tó mu ejìnrìn, kò sì wálẹ̀ tó ti àwọn tó mu metformin. Ní Philippines, ní 2007, ìwádìí oṣù mẹ́ta lára ènìyàn 40 rí ìyàtọ̀ tó tó 0.22 péré nínú àyẹ̀wò HbA1c, ìyẹn àyẹ̀wò tó ń fi bí ṣúgà ṣe rí láti oṣù méjì sí mẹ́ta sẹ́yìn hàn. Ìyàtọ̀ yẹn kéré débi pé wọn ò lè sọ pé ejìnrìn ló fà á. Nígbà tí ẹgbẹ́ Cochrane kó ìwádìí mẹ́rin tó kún ojú òṣùwọ̀n jọ ní 2012, ènìyàn 479 lápapọ̀, wọ́n ní ẹ̀rí tó wà nílẹ̀ kò tó láti gba ènìyàn níyànjú pé kó fi ejìnrìn tọ́jú àtọ̀gbẹ.

Ní ti ẹ̀rí, ewúro jìnnà sẹ́yìn ejìnrìn. Láti 1992 ni wọ́n ti tẹ̀ ẹ́ jáde pé omi ewé ewúro fa ṣúgà ehoro wálẹ̀, ọ̀pọ̀ ìwádìí lára eku sì tẹ̀ lé e. Ibi tó pọ̀ jù nínú ẹ̀rí rẹ̀ dúró sí nìyẹn. Ẹ sì fi kún un pé ewúro tí wọ́n ti bó, tí wọ́n ti fọ̀ títí ìkorò rẹ̀ fi ṣàn lọ, kì í ṣe ohun kan náà pẹ̀lú omi ewúro tí wọ́n fún sí ehoro: púpọ̀ nínú èròjà náà ti bá omi ìfọ̀ lọ. Ẹ̀fọ́ tó dára fún ara ni. Ẹ má kà á sí oògùn tí ẹ ti lò lọ́jọ́ náà.

Ewu ejìnrìn kì í ṣe pé kò ṣiṣẹ́. Ìgbà tó bá ṣiṣẹ́ pọ̀ mọ́ oògùn mìíràn gan-an ni ìjàǹbá máa ń dé. Ní 1979, ìwé ìròyìn ìṣègùn Lancet ròyìn obìnrin kan tó ń mu chlorpropamide fún àtọ̀gbẹ, tó sì ń jẹ èso ejìnrìn nínú ọbẹ̀. Ejìnrìn náà ń fi kún iṣẹ́ oògùn náà. Glibenclamide àti glimepiride wà nínú ìdílé oògùn kan náà pẹ̀lú chlorpropamide, bẹ́ẹ̀ ni ínsúlínì náà máa ń fa ṣúgà wálẹ̀ tààrà. Ẹni tó bá ń lo èyíkéyìí nínú wọn kò gbọdọ̀ fi omi ejìnrìn kún un láìjẹ́ kí dókítà rẹ̀ mọ̀. Àwọn ọmọdé tí wọ́n fún ní tíì ejìnrìn ti dákú rí, gìrì sì ti mú wọn, torí ṣúgà wọn já wálẹ̀. Ọmọdé kò ní ohunkóhun ṣe pẹ̀lú rẹ̀.

Bí ẹ bá ti bá dókítà sọ̀rọ̀, tí ẹ sì ṣì fẹ́ gbìyànjú rẹ̀, ẹ ṣe é báyìí. Fún ọ̀sẹ̀ kan kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀, ẹ máa wọn ṣúgà yín ní òwúrọ̀ kí ẹ tó jẹun, àti lẹ́yìn wákàtí méjì tí ẹ bá jẹun, kí ẹ kọ ọ́ sílẹ̀. Ẹ má dín oògùn yín kù fúnra yín. Bí ẹ bá bẹ̀rẹ̀, ẹ máa wọ̀n ọ́n bákan náà, kí ẹ sì ṣe HbA1c lẹ́yìn oṣù mẹ́ta. Nọ́ńbà yẹn ni yóò dájọ́ ejìnrìn náà. Bí òógùn bá ń bo yín lójijì, tí ọwọ́ ń gbọ̀n, tí àyà ń já, tí ebi ń pa yín lọ́nà tí kò yé yín, ẹ wọ̀n ọ́n lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Bó bá wà nísàlẹ̀ 70 mg/dL, ẹ mu ṣúgà ṣíbí ìmutíì mẹ́ta sí mẹ́rin nínú omi, ẹ dúró fún ìṣẹ́jú 15, kí ẹ tún wọ̀n ọ́n. Ẹni tí kò lè gbé nǹkan mì mọ́, ilé ìwòsàn ni kí wọ́n gbé e lọ. Ẹ má rọ ohunkóhun sí i lẹ́nu.

Fún ibà: kò sí ìkankan nínú wọn tó yẹ kó rọ́pò oògùn

Níbí ni ìkorò ti ń tan ènìyàn jù. Kuníìnì, tí wọ́n yọ nínú èèpo igi cinchona ní 1820, korò. Chloroquine tí ọ̀pọ̀ wa fi dàgbà korò. Ó rọrùn láti rò pé ìkorò náà ló ń pa kòkòrò ibà. Kì í ṣe ìkorò. Èròjà kan pàtó ni, ní ìwọ̀n kan pàtó, fún iye ọjọ́ kan pàtó.

Ewúro ni wọ́n dán wò dáadáa jù nínú àwọn mẹ́ta, àbájáde rẹ̀ sì yẹ kí gbogbo ẹni tó ń se àgbo ibà mọ̀ ọ́n. Ìwádìí náà wáyé ní Uganda, wọ́n tẹ̀ ẹ́ jáde ní 2009. Àwọn tó ní ibà tí kò tíì le, tí wọ́n ti pé ọdún 12 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, ni wọ́n fún ní omi ewé ewúro. Nígbà tó fi di ọjọ́ kẹrìnlá, ìdá 67 nínú 100 ló ti rí ìtura: ara gbígbóná ti lọ, orí fífọ́ ti rọlẹ̀. Bí wọ́n bá dúró síbẹ̀, ìròyìn ayọ̀ ni. Ṣùgbọ́n wọ́n yẹ ẹ̀jẹ̀ wọn wò. Nínú àwọn tó rí ìtura náà, ìdá 32 péré ni kòkòrò ibà kúrò lẹ́jẹ̀ wọn pátápátá, nínú àwọn wọ̀nyí sì ni ibà ti padà sára ìdá 71.

Ìtura wà, ìwòsàn kò sí. Àgbàlagbà tí ibà ti bá jà lọ́pọ̀ ìgbà lè gbé kòkòrò díẹ̀ kiri láìmọ̀. Ọmọ ọdún méjì tí wọ́n fún ní àgbo kan náà, tí kòkòrò yẹn ṣẹ́kù sí lára, lè bọ́ sínú ibà tó ń gun orí láàárín ọjọ́ kan tàbí méjì. Ìdí nìyẹn tí ọ̀rọ̀ náà kò fi dà bí "èmi mu ún, ara mi sì yá".

Àjọ Ìlera Àgbáyé kò fọwọ́ sí tíì tàbí ewé Artemisia annua tí a kò ṣe ní ilé oògùn, ó sì sọ bẹ́ẹ̀ ní 2019, bó tilẹ̀ jẹ́ pé inú ewéko yẹn gan-an ni wọ́n ti yọ artemisinin, èyí tó mú Tu Youyou gba ẹ̀bùn Nobel ní 2015. Ìdí wọn ni pé èròjà inú ewé máa ń pọ̀ lónìí kó kéré lọ́la, èyí tí kò tó sì lè kọ́ kòkòrò náà bí yóò ṣe máa yè é. Bí wọn kò bá gba èyí tó ní artemisinin nínú ní kékeré ìwọ̀n, ewúro kò lè rí àyè.

Ẹ ṣe àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀. Èyí tí wọ́n ń fi ẹ̀kán ẹ̀jẹ̀ kan ṣe máa ń jáde láàárín ìṣẹ́jú 15 sí 20. Bí ibà bá wà, ẹ lo oògùn ACT (àpapọ̀ oògùn ibà tó ní irú artemisinin nínú) fún ọjọ́ mẹ́ta pé. Bí aláìsàn bá ń gbọ̀n gìrì, tí kò lè mu omi, tó ń bì gbogbo ohun tó bá jẹ, tí ojú rẹ̀ pọ́n bí ti ẹni tó ní ibà pọ́njú, tí ìtọ̀ rẹ̀ dúdú, tàbí tí kò mọ ẹni tó wà níwájú rẹ̀ mọ́, ọ̀rọ̀ ilé ìwòsàn ni, kì í ṣe ti ewé, kì í sì ṣe ti oògùn gbígbé mì nílé.

Dongoyárò, Azadirachta indica, ni ọ̀pọ̀ máa ń fi kún àgbo ibà. Èròjà rẹ̀ kan, gedunin, ń pa kòkòrò ibà nínú ìgò. Ìgò náà ló mọ. Òróró kóró rẹ̀ ni kí ẹ bẹ̀rù jù: ní Malaysia, ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980, àwọn dókítà ròyìn ọmọ ọwọ́ tí wọ́n fún ní òróró yìí mu, tí wọ́n bì, tí oorun gbé wọn lọ, tí gìrì sì mú wọn. Kí òróró dongoyárò wà fún ara òde nìkan.

Fún ọ̀fìnkìn, ikọ́ àti ọ̀nà ọ̀fun: jogbo

Èyí ni ibi tí ọwọ́ mi ti fúyẹ́ jù láti tọ́ka sí ewé kan. Jogbo ní ìwádìí lára ènìyàn tó pọ̀. Ní 2017, àwọn olùṣèwádìí kó ìwádìí 33 jọ, ènìyàn 7,175 lápapọ̀, tó dá lórí àìsàn ọ̀nà èémí. Wọ́n rí i pé jogbo dín ikọ́ àti ọ̀nà ọ̀fun dídùn kù, àìsàn náà sì tètè lọ; wọ́n tún sọ gbangba pé ọ̀pọ̀ nínú ìwádìí náà kò lágbára tó, nítorí náà kí a má sọ àsọdùn.

Ìwádìí Thailand kan ní 1991 ló ṣàlàyé ìwọ̀n tó ń ṣiṣẹ́ dáadáa. Àgbàlagbà 152 tí ọ̀nà ọ̀fun wọn wú ni wọ́n pín sí mẹ́ta: jogbo gíráàmù 3 lójúmọ́, jogbo gíráàmù 6 lójúmọ́, tàbí parasitamọ́ọ̀lù. Ní ọjọ́ kẹta, àwọn tó mu gíráàmù 6 àti àwọn tó mu parasitamọ́ọ̀lù ni ara wọn ti fúyẹ́. Àwọn tó mu gíráàmù 3 ṣì wà lẹ́yìn. Ní ọjọ́ keje, gbogbo wọn ti bá ara wọn dọ́gba. Èyí fi hàn pé gíráàmù 3 kò tó. Ọ̀fìnkìn sì sábà máa ń lọ fúnra rẹ̀ bí ẹ kò tilẹ̀ mu ohunkóhun. Ìtura ọjọ́ díẹ̀ ni ẹ ń rà.

Àgúnmu dára ju àgbo lọ fún jogbo. Andrographolide kì í fẹ́ yòrò nínú omi. Bí ẹ bá se ewé náà, tí ẹ sì da gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ rẹ̀ nù, púpọ̀ nínú èròjà náà ni ẹ dà nù pẹ̀lú rẹ̀. Ewé gbígbẹ tí a lọ̀, tí a gbé mì lódindi, ni ìwádìí Thailand yẹn lò. Bí kápúsù yín bá gba 500 mg, gíráàmù 6 jẹ́ kápúsù mẹ́ta lẹ́ẹ̀mẹ́rin lójúmọ́, lẹ́yìn oúnjẹ. Ẹ má ju ọjọ́ méje lọ. Bí ikọ́ bá ti lé ní ọ̀sẹ̀ méjì, ẹ lọ yẹ kẹ̀lẹ̀bẹ̀ wò fún ikọ́ ẹ̀gbẹ; bí mímí bá ń ni yín lára, ẹ má dúró de ọ̀sẹ̀ méjì náà.

Nígbà àrùn Kòrónà, Thailand gba jogbo láàyè láti opin 2020 fún àwọn tí tiwọn kò le, ní andrographolide 180 mg lójúmọ́ fún ọjọ́ márùn-ún. Ọ̀kan nínú àwọn ìwádìí tí wọ́n gbé lárugẹ lẹ́yìn náà ni àwọn tó ṣe é fà padà ní 2021 torí àṣìṣe ìṣirò. Irú rẹ̀ tún ṣẹlẹ̀ sí jogbo nínú àìsàn ìfun tó ń ṣẹ̀jẹ̀: ìwádìí 2013 lára ènìyàn 224 ní ìdá 60 nínú 100 rí ìtura pẹ̀lú 1,800 mg lójúmọ́, ìdá 40 sì rí i pẹ̀lú oògùn òfìfo, nígbà tí wọ́n gbé e lọ sí ìwádìí tó tóbi jù, wọ́n dá a dúró lágbedeméjì torí kò fi ìyàtọ̀ hàn mọ́.

Ewu jogbo ni kí ara kọ̀ ọ́: ara yíyún, ojú wíwú, títí dé ibi tí ènìyàn kò fi ní lè mí. Àjọ tó ń mójú tó oògùn ní Ọsirélíà kìlọ̀ nípa èyí ní 2015. Àwọn kan tún máa ń pàdánù ìtọ́wò ẹnu fún ìgbà díẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ mu ún nígbà àkọ́kọ́, kó mu kápúsù kan, kó dúró títí di ọjọ́ kejì. Ní ti ọkùnrin tó ń wá ọmọ, ìwádìí lára eku takò ara wọn: ti 1997 kò rí ìpalára lára kórópọ̀n, ti 2000 rí i pé àtọ̀ eku náà dínkù. Níwọ̀n ìgbà tí ọ̀fìnkìn lè lọ láìlo jogbo, kí irú ọkùnrin bẹ́ẹ̀ fi í sílẹ̀.

Fún aràn inú: ẹ̀yà tí ẹ lò ló ń sọ

Ní oṣù Kọkànlá 1987, ní òkè Mahale ní Tanzania, àwọn olùṣèwádìí Michael Huffman àti Mohamedi Seifu Kalunde rí abo ìnàkí kan tó ń ṣàìsàn, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ aràn inú, tó já ẹ̀ka ewúro. Ó bó èèpo rẹ̀ dànù, ó yẹra fún ewé, ó jẹ mùdùnmúdùn àárín igi náà lẹ́nu, ó fa omi rẹ̀ mu, ó sì tu ìhá rẹ̀ dànù. Ara rẹ̀ yá láàárín nǹkan bí ọjọ́ kan. Nígbà tí àwọn onímọ̀ ní Kyoto tú ewúro palẹ̀, wọ́n rí i pé vernodalin, tó ní oró jù, wà nínú ewé àti èèpo. Èyí tó wà ní àárín igi, vernonioside B1, rọ̀ jù ú lọ. Ẹ̀yà tí ìnàkí náà yẹra fún gan-an ni àwa ń fún omi rẹ̀ mu jù. Nítorí èyí ni omi ewé ewúro tó pọ̀ ṣe máa ń run àwọn kan nínú.

Fún aràn ènìyàn, albendazole 400 mg lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo ń pa aràn gbọọrọ àti aràn ìkọ́ lọ́nà tí kò sí ewé tó tíì bá a dọ́gba lára ènìyàn. Ẹ jẹ́ kí ewúro wà lórí orín tí ẹ fi ń rin ẹnu àti lórí oúnjẹ.

Jẹjẹrẹ kò ní gùn lẹ́nu mi: láti 2003 ni Ernest Izevbigie ti tẹ̀ ẹ́ jáde pé omi ewúro ń dá sẹ́ẹ̀lì jẹjẹrẹ ọmú dúró, nínú ìgò. Ẹ má fi ìyẹn dá ìtọ́jú ẹnikẹ́ni dúró.

Kíkó, gbígbẹ, wíwọ̀n

Ẹ má já ewé ní ẹ̀bá ọ̀nà ọkọ̀, ibi ìdalẹ̀nù tàbí oko tí wọ́n ń fín oògùn kòkòrò sí. Fífọ̀ kì í mú òjé àti oògùn kúrò nínú ewé. Jogbo ni kí ẹ gé nígbà tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ fẹ́ yọ òdòdó, nǹkan bí oṣù mẹ́ta sí mẹ́rin lẹ́yìn gbígbìn, torí ìgbà yẹn ni andrographolide rẹ̀ pọ̀ jù. Ẹ fi nǹkan bí sẹ̀ǹtímítà 10 sílẹ̀ lórí ilẹ̀, yóò tún rú.

Ẹ fọ ewé nínú omi tó ń ṣàn, ẹ gbọ̀n ọ́n, ẹ tẹ́ ẹ ní pẹrẹsẹ sórí àwọ̀n mímọ́ níbi òjìji tí afẹ́fẹ́ ń fẹ́ sí. Bí ẹ bá kó o jọ ní òkìtì, àárín rẹ̀ á gbóná, á hu èbu. Ó gbẹ nígbà tí igi ewé bá ń ṣẹ́ pẹ́kẹ́. Bó bá ṣì ń tẹ̀, tí ẹ sì lọ̀ ọ́ sínú ìgò, èbu á hù sínú rẹ̀ láàárín ọ̀sẹ̀ díẹ̀. Èyí tó bá ti hu èbu kì í ṣe é gbọ̀n dànù kí a sì lo ìyókù. Ẹ kọ orúkọ àti ọjọ́ sára ìgò.

Òṣùwọ̀n ìdáná ni kí ẹ fi wọ̀n ọ́n. Ṣíbí kan àgúnmu tó kúnná lè wúwo ní ìlọ́po méjì èyí tí kò kúnná. Ewé tútù sì máa ń pàdánù nǹkan bí ìdá mẹ́rin nínú márùn-ún ìwọ̀n rẹ̀ bó bá gbẹ: ẹni tó ka gíráàmù 10 ewé tútù nínú ìwé, tó wá fi gíráàmù 10 ewé gbígbẹ rọ́pò rẹ̀, ti mu ìlọ́po márùn-ún. Àṣìṣe yìí wọ́pọ̀ púpọ̀.

Omi ewé tútù tí a fún kò gbọdọ̀ kọjá wákàtí 24 nínú fìríìjì. Bí fìríìjì kò bá sí, ẹ mu ún lọ́jọ́ náà kí ẹ sì da ìyókù nù. Ewé kan ṣoṣo ni kí ẹ lò nígbà kan: bí ẹ bá po mẹ́tẹ̀ẹ̀ta pọ̀, tí ara bẹ̀rẹ̀ sí í yún, ẹ kò ní mọ èyí tí ara kọ̀.

Ẹni tí kò gbọdọ̀ mu ún

Aboyún kò gbọdọ̀ mu ejìnrìn àti jogbo rárá. Èròjà kan nínú kóró ejìnrìn, momorcharin, ṣẹ́ oyún lára eku. Omi ewúro tí a fún náà, ẹ yẹra fún un, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ewúro tí a fọ̀ tí a sì sè kì í ṣe ìṣòro. Ìyá tó ń fún ọmọ lọ́mú náà, kó fi jogbo sílẹ̀.

Ẹni tí àyẹ̀wò fi hàn pé kò ní G6PD tó, ìyẹn èròjà ara tó ń dáàbò bo ẹ̀jẹ̀ pupa, kó sá fún kóró ejìnrìn: vicine inú rẹ̀ lè mú kí ẹ̀jẹ̀ pupa máa fọ́, kí ìtọ̀ dúdú, kí ojú sì pọ́n. Àìtó G6PD wọ́pọ̀ ní ìwọ̀ oòrùn Áfíríkà, àwọn ọkùnrin ló sì ń mú jù.

Jogbo lè dín dídì ẹ̀jẹ̀ kù, nítorí náà kí ẹni tó ń mu warfarin, aspirin tàbí clopidogrel má fi kún un. Bí iṣẹ́ abẹ bá ń bọ̀, ẹ dá jogbo àti ejìnrìn dúró ní ọ̀sẹ̀ méjì ṣáájú, kí ẹ sì dárúkọ wọn fún dókítà tó ń fúnni lóògùn oorun. "Mo ń mu àgbo" kò tó. Ẹ sọ ewé tó wà nínú rẹ̀ àti ọjọ́ tí ẹ mu ún gbẹ̀yìn.